Ẹ̀rọ tó ń yan orin fún yín, ẹ̀rọ tó ń kọ orin fúnra rẹ̀: ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni wọ́n

Àbúrò mi kan fi orin kan ránṣẹ́ sí mi lọ́sẹ̀ tó kọjá. Ó ní kí n gbọ́ ọ, kí n sì sọ ẹni tó kọ ọ́. Mo gbọ́ ọ lẹ́ẹ̀mẹta. Ohùn náà dùn, ó wọni lára, gìtá ń rọra tẹ̀ lé e lẹ́yìn, ọ̀rọ̀ inú rẹ̀ sì dá lórí ẹni tí olólùfẹ́ rẹ̀ fi sílẹ̀. Mo ní n kò mọ akọrin náà. Ó rẹ́rìn-ín, ó ní, "Kò sí ẹni tó kọ ọ́. AI ni." Lẹ́yìn náà ló wá bi mí ní ìbéèrè tí mo ti gbọ́ lẹ́nu ọ̀pọ̀ èèyàn: "Ṣé AI yìí náà ló mọ ohun tí mo fẹ́ràn, tó ń kó o wá sójú fóònù mi?"

Ìbéèrè náà dára, torí inú rẹ̀ gan-an ni ìdàrúdàpọ̀ wà. Ẹ̀rọ méjì ló wà nídìí ọ̀rọ̀ yìí, iṣẹ́ wọn kò sì jọra. Ọ̀kan ń yan nǹkan fún wa, òun ni àwọn kan ń pè ní algorithm. Èkejì ń ṣe nǹkan jáde. Àwọn èèyàn ń pe gbogbo rẹ̀ ní AI, wọ́n ń wo èyí tó ń kọrin tìyanu-tìyanu, wọn kò sì fura sí èyí tó ti ń darí ojú àti etí wọn láti bí ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Mo fẹ́ kọ́kọ́ tú àwọn méjèèjì ká, ká tó wo ibi tí wọ́n ti ń fọwọ́ kọ́wọ́.

Kí ni algorithm, kí sì ni AI?

Algorithm kò ju ìgbésẹ̀ tó tò tẹ̀ lé ara wọn lọ: kọ́kọ́ ṣe èyí, tó bá rí báyìí, ṣe ìyẹn tẹ̀ lé e. Nígbà tí ẹ bá ń ro nọ́ńbà gbọọrọ méjì pọ̀ lórí ìwé, tí ẹ bẹ̀rẹ̀ láti apá ọ̀tún, tí ẹ kọ ẹyọ sílẹ̀, tí ẹ sì gbé mẹ́wàá lọ sí apá òsì, algorithm lẹ ń lò yẹn. Ara orúkọ al-Khwarizmi ni wọ́n ti yọ ọ̀rọ̀ náà, onímọ̀ ìṣirò kan tó ṣiṣẹ́ ní Baghdad ní nǹkan bí 1,200 ọdún sẹ́yìn. Ẹ rí i pé nǹkan náà ti wà tipẹ́ kí ẹnikẹ́ni tó ronú kan kọ̀ǹpútà.

AI, èyí tí a ń pè ní ọgbọ́n àtọwọ́dá, gba ọ̀nà mìíràn. Níbẹ̀, kò sẹ́ni tó to gbogbo ìgbésẹ̀ fún kọ̀ǹpútà. Àpẹẹrẹ rẹpẹtẹ ni wọ́n kó fún un, kí òun fúnra rẹ̀ wá ohun tó so wọ́n pọ̀. Bí ọmọdé ṣe ń mọ ajá nìyẹn. Kò sí òbí tó jókòó ti ọmọ tó ń ṣàlàyé fún un pé ajá ní etí báyìí, ìrù báyìí. A kàn ń nàka ni: "Ajá nìyẹn." Lọ́jọ́ kan ọmọ náà á rí ajá tí kò rí rí, á sì pè é lórúkọ. Àmọ́ ọmọdé kì í rí ju ajá mélòó kan lọ kó tó mọ̀ ọ́n. Ẹ̀rọ lè nílò ẹgbẹẹgbẹ̀rún àwòrán, nígbà mìíràn mílíọ̀nù.

Nínú orin, fíìmù àti fídíò, mo máa pe ẹ̀rọ àkọ́kọ́, èyí tó ń yan nǹkan fún wa, ní *aṣàyàn*, torí ohun tó ń ṣe nìyẹn. Ìmọ̀ AI wà nínú rẹ̀ o, ṣùgbọ́n kì í ṣe nǹkan kan jáde. Ẹ̀rọ kejì ni mo máa pè ní *aláfarawé*. Mo mọ̀ pé àwọn kan ń pè é ní aṣẹ̀dá. Èmi kò jẹ́ pè é bẹ́ẹ̀. Orúkọ yẹn tóbi jù fún un, ẹ ó sì rí ìdí rẹ̀ níwájú.

Ta ló ń yàn fún wa tẹ́lẹ̀?

Èèyàn ni. Olóòtú ètò lórí rédíò ló ń pinnu orin tó máa kọ́kọ́ jáde láàárọ̀. Àwọn tó ń to ètò lórí tẹlifíṣọ̀n ló ń sọ fíìmù tó yẹ fún alẹ́ ọjọ́ Jímọ̀. Wọ́n ní ojúsàájú tiwọn, àwọn kan sì ń gbowó lábẹ́lẹ̀ kí wọ́n tó gbé orin ẹlòmíràn sáfẹ́fẹ́. N kò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni rò pé ayé àtijọ́ mọ́ tónítóní. Àmọ́ ohun kan wà níbẹ̀ tó ti ń lọ: bí mílíọ̀nù kan èèyàn bá tan rédíò kan náà, orin kan náà ni wọ́n ń gbọ́, wọ́n sì lè jọ sọ̀rọ̀ nípa rẹ̀ lọ́jọ́ kejì. Lónìí, tọkọtaya lè jókòó sórí àga kan náà, kí fóònù wọn méjèèjì wà lórí áàpù kan náà, kí ohun tó wà lójú ti ọkọ má bá ti ìyàwó tan rárá.

Báwo ni aṣàyàn ṣe mọ ohun tí mo fẹ́?

Ẹ jẹ́ ká wò ó láti ìtòsí. Alẹ́ ti lẹ́, ẹ dùbúlẹ̀, ẹ ń fi àtàǹpàkò yí àwọn fídíò kéékèèké lójú fóònù. Ẹnì kan ń jó: ẹ yí i kọjá kíá. Ẹnì kan ń sọ̀rọ̀ nípa bọ́ọ̀lù: ẹ wò ó fún bí ìṣẹ́jú àáyá mẹ́rin, ẹ yí i kọjá. Lẹ́yìn náà, bàbá àgbàlagbà kan ń tún aago ọwọ́ tó ti bàjẹ́ ṣe. Ó fi ẹ̀mú tín-ín-rín yọ àwọn irin kéékèèké inú rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, ó ń tò wọ́n sórí aṣọ funfun. Ẹ kò tẹ láìkì. Ẹ kò kọ nǹkan kan sábẹ́ rẹ̀. Àtàǹpàkò yín kàn dúró ni. Fídíò náà parí, ó tún bẹ̀rẹ̀, ẹ sì wò ó dé ìdajì lẹ́ẹ̀kejì.

Ní tiyín, ẹ kò bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀. Ní ti ẹ̀rọ, ẹ ti rojọ́. Ó ti kọ ọ́ sílẹ̀ pé ẹ dúró níbí, àti iye àkókò tí ẹ fi dúró. Lẹ́yìn náà, ó wo àwọn mìíràn tí àtàǹpàkò wọn dúró síbi aago yìí, ó sì rí i pé ọ̀pọ̀ nínú wọn tún dúró síbi fídíò obìnrin kan tó ń di ìwé àtijọ́ tó ti já padà. Ó gbé ìyẹn wá fún yín. Ẹ dúró. Ó gbé ti ẹni tó ń fọ àwòrán àtijọ́ wá. Ẹ tún dúró. Nígbà tó bá fi máa di ọjọ́ kẹta, ẹ ti ń sọ fún ọ̀rẹ́ yín pé fóònù yìí mọ inú yín.

Kò mọ inú yín. Kò mọ̀ pé aago ni aago, kò sì mọ̀ pé ohun tó fà yín ni sùúrù ọwọ́ bàbá yẹn. Ohun tó mọ̀ kò ju èyí lọ: ẹni tó bá dúró síbí sábà máa ń dúró síbẹ̀ yẹn náà. Bí wọ́n ṣe ń tò yín mọ́ àwọn tó jọ yín nìyẹn, láìjẹ́ pé ẹ pàdé ara yín rí. Ọgbọ́n kan náà ló wà nídìí àkójọ 30 orin tí Spotify, iléeṣẹ́ orin orí íntánẹ́ẹ̀tì, bẹ̀rẹ̀ sí í gbé fún oníbàárà kọ̀ọ̀kan ní gbogbo ọjọ́ Ajé láti ọdún 2015: orin tí àwọn tó jọ yín ti gbọ́, tí ẹ̀yin kò tíì gbọ́.

Ọ̀pọ̀ èèyàn gbà pé fóònù ń jí ọ̀rọ̀ àwọn gbọ́ ni. Ohun tí mo ṣàpèjúwe yìí kò nílò etí. Ìka yín tó o.

Kí ló dé tí wọn kò kàn bi wá ní ohun tí a fẹ́?

Wọ́n ti ń bi wá tẹ́lẹ̀. Ìtàn bí wọ́n ṣe dáwọ́ rẹ̀ dúró sì kọ́ mi ní nǹkan púpọ̀.

Ní oṣù Kẹwàá ọdún 2006, Netflix ṣì ń fi àwo DVD ránṣẹ́ sílé àwọn oníbàárà rẹ̀. Bí ẹ bá wo fíìmù kan tán, ẹ ó fún un ní ìràwọ̀, láti orí ọ̀kan dé márùn-ún. Iléeṣẹ́ náà gbé ìdíje kan kalẹ̀: ẹni tó bá lè sọ ìràwọ̀ tí oníbàárà máa fún fíìmù, kó sì fi ìdá mẹ́wàá nínú ọgọ́rùn-ún dára ju ẹ̀rọ tiwọn lọ, á gba 1 mílíọ̀nù dọ́là. Wọ́n kó ìràwọ̀ tó lé ní 100 mílíọ̀nù lé àwọn olùdíje lọ́wọ́. Ó di oṣù Kẹsàn-án ọdún 2009 kí ikọ̀ ẹlẹ́ni méje kan tó gba owó náà.

Netflix kò sì lo iṣẹ́ tó borí yẹn lódindi. Wàhálà gbígbé e wọ inú ẹ̀rọ wọn pọ̀ ju èrè rẹ̀ lọ, ayé sì ti yí lójú wọn: àwọn èèyàn ti bẹ̀rẹ̀ sí í wo fíìmù lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Nígbà tí àwo bá wà nílé yín, iléeṣẹ́ kò lè mọ̀ bóyá ẹ sùn lọ níbi tí fíìmù dé ìdajì. Lórí íntánẹ́ẹ̀tì, wọ́n rí ibi tí ẹ ti dá a dúró, ibi tí ẹ ti fò ó, aago tí ẹ pa á, àti bóyá ẹ padà sí i. Kí ni wọ́n tún fẹ́ fi ìràwọ̀ ṣe? Ní ọdún 2017, wọ́n pa ìràwọ̀ rẹ́, wọ́n fi àtàǹpàkò ìyìn àti ti àìfẹ́ rọ́pò rẹ̀. Wọ́n ti rí i pé àwọn èèyàn ń fún fíìmù tó kún fún ẹ̀kọ́ ní ìràwọ̀ márùn-ún, síbẹ̀ àwàdà ni wọ́n ń wò lálaalẹ́.

Àwọn onímọ̀ ẹ̀rọ máa ń fi èyí hàn bí ẹ̀rí pé ẹnu wa ń purọ́, ìka ló ń sọ òtítọ́. Èmi kò gbà bẹ́ẹ̀. Ẹni tó fún fíìmù ẹ̀kọ́ ní ìràwọ̀ márùn-ún kò purọ́. Ohun tó fẹ́ kí òun máa wò ló ń sọ, bí ẹni tó ra ìwé tó sì tò ó síbi tí ojú òun á ti máa rí i. Ìka tó ń rìn lálẹ́, tó ti rẹ̀, òtítọ́ ni òun náà, ṣùgbọ́n ìdajì òtítọ́ ni. Ìdajì yẹn ni ẹ̀rọ mú, ó sọ ìyókù nù. Nígbà tí ẹ bá wá gbọ́ pé, gẹ́gẹ́ bí àwọn ẹlẹ́rọ Netflix fúnra wọn ṣe kọ ọ́ ní ọdún 2015, nínú gbogbo 100 wákàtí tí àwọn èèyàn fi ń wo nǹkan níbẹ̀, nǹkan bí 80 ló wá látinú ohun tí ẹ̀rọ dábàá, ẹ ó rí bí ìdajì yẹn ṣe wúwo tó.

Kí ni èyí ń sọ orin àti fíìmù dà?

Ohunkóhun tí ẹ̀rọ bá ń kà, òun ni àwọn oníṣẹ́ á bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe. Ẹ wo YouTube. Kó tó di ọdún 2012, iye ìgbà tí wọ́n bá tẹ fídíò ló ń gbé e síwájú. Ni àwọn èèyàn bá ń fi àwòrán ẹ̀tàn síwájú fídíò: ẹ ó tẹ̀ ẹ́, ẹ ó rí i pé kò sí ohun tí wọ́n ṣèlérí níbẹ̀, ẹ ó jáde. Lọ́dún náà, YouTube bẹ̀rẹ̀ sí í ka iye àkókò tí èèyàn fi wo fídíò. Ẹ̀tàn yẹn dín kù. Fídíò wá gùn. Ẹni tó lè sọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ tán ní ìṣẹ́jú mẹ́ta wá ń fà á dé mẹ́wàá, ó ń sọ pé "ẹ dúró dè mí, mo ń bọ̀ wá síbẹ̀."

Orin náà kò yọ sílẹ̀. Lórí Spotify, orin kò tíì di gbígbọ́ tí wọ́n máa sanwó fún àfi tó bá lo 30 ìṣẹ́jú àáyá létí yín. Akọrin tó bá fi ìṣẹ́jú kan lu ìlù kó tó ya ẹnu ti fi ara rẹ̀ sínú ewu. Ìdí nìyẹn tí ègbè fi ń sáré wá síwájú nínú ọ̀pọ̀ orin òde òní, tí orin sì ń kúrú. Kì í ṣe pé àwọn akọrin kò mọ orin mọ́.

Fíìmù tí wọn kò tún yà mọ́ pàápàá ń yí aṣọ dà. Ní òpin ọdún 2017, Netflix ṣàlàyé bí òun ṣe ń yan àwòrán tó wà níwájú fíìmù fún oníbàárà kọ̀ọ̀kan. Ẹni tó máa ń wo eré ìfẹ́ lè rí àwòrán ọkùnrin àti obìnrin tí wọ́n sún mọ́ra. Ẹni tó ń wo àwàdà á rí aláwàdà tó wà nínú fíìmù kan náà. Orúkọ kan, fíìmù kan, ojú ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀.

Mo gbọ́dọ̀ sọ èyí tó dára níbẹ̀, torí ó dára gan-an. Aṣàyàn kì í béèrè ọmọ ẹni tí ẹ jẹ́. Lórí TikTok, fídíò ẹni tí kò ní ọmọlẹ́yìn kankan lè kọ́kọ́ dé ọ̀dọ̀ ìwọ̀nba èèyàn. Bí ìka wọn bá dúró, a tún gbé e fún àwọn tó pọ̀ sí i, bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ. Ọmọ tó ń kọrin nínú yàrá rẹ̀, tí olóòtú rédíò kankan kì bá tí ṣílẹ̀kùn fún, ti rí ọ̀nà gbà báyìí. Kò yẹ ká pa ìyẹn mọ́lẹ̀.

Báwo ni ẹ̀rọ aláfarawé ṣe ń kọrin?

Bí mo bá sọ pé, "Ilé la ti ń…", ẹni tó bá gbọ́ Yorùbá á parí rẹ̀ fún mi: "…kó ẹ̀ṣọ́ ròde." Ẹ kò ní láti ronú. Ẹ ti gbọ́ ọ tó bẹ́ẹ̀ tí ọ̀rọ̀ tó kàn fi ń jáde fúnra rẹ̀. Ẹ̀rọ tó ń kọ ìwé, tó ń kọ ọ̀rọ̀ orin, iṣẹ́ yìí ló ń ṣe: wọ́n ti kó ìwé tí kò lóǹkà fún un, ó sì ń mú ọ̀rọ̀ tó ṣeé ṣe kó tẹ̀ lé èyí tó ti wà nílẹ̀, lọ́kọ̀ọ̀kan. Tó bá jẹ́ orin ni wọ́n kó fún un, ó lè fi ìró dípò ọ̀rọ̀.

Ti àwòrán àti fídíò sábà máa ń gba ọ̀nà mìíràn. Ẹ rántí tẹlifíṣọ̀n tí kò gba ìkànnì kankan, tí ojú rẹ̀ ń ta wínníwínní. Wọ́n mú àwòrán tó dára, wọ́n bu wínníwínní bẹ́ẹ̀ lé e díẹ̀díẹ̀ títí àwòrán náà fi pòórá, wọ́n sì kọ́ ẹ̀rọ bó ṣe máa yọ ọ́ kúrò padà. Lẹ́yìn tó ti ṣe èyí lórí àìmọye àwòrán, wọ́n gbé wínníwínní lásán síwájú rẹ̀, wọ́n ní, "Ẹṣin tó ń sáré létí òkun ló wà lábẹ́ rẹ̀." Ó ń nù ún, ó ń nù ún, títí ẹṣin tí kò sí níbì kankan rí fi jáde.

Ẹ rí ìdí tí mo fi pè é ní aláfarawé. Kò tíì rí òkun, ẹnikẹ́ni kò sì já a sílẹ̀ rí. Orin tí àbúrò mi fi ránṣẹ́ mú gbogbo ẹkún rẹ̀ látinú ẹkún àwọn tó sunkún lóòótọ́, tí wọ́n sì gbà á sílẹ̀.

Síbẹ̀, ìmọ̀ AI yìí kò túmọ̀ sí ayédèrú ní gbogbo ìgbà. John Lennon, ọ̀kan nínú àwọn mẹ́rin tó wà nínú ẹgbẹ́ olórin Beatles, gba orin kan sílẹ̀ nílé rẹ̀ sórí káṣẹ́ẹ̀tì ní ìparí àwọn ọdún 1970. Wọ́n pa á ní ọdún 1980. Ní àwọn ọdún 1990, àwọn mẹ́ta tó kù gbìyànjú láti parí orin náà, ṣùgbọ́n ìró dùùrù bo ohùn rẹ̀ mọ́lẹ̀, wọ́n sì fi í sílẹ̀. Nígbà tó yá, wọ́n rí ẹ̀rọ tí wọ́n ti kọ́ láti mọ ohùn èèyàn yàtọ̀ sí ohùn dùùrù. Ó ya méjèèjì sọ́tọ̀. Ní oṣù Kọkànlá ọdún 2023, orin náà jáde, ó sì gba ẹ̀bùn Grammy ní ọdún 2025. Ohùn Lennon gan-an ni ẹ̀ ń gbọ́ níbẹ̀. Ẹ̀rọ kò kọ orin kankan. Ó kàn gbé aṣọ kúrò lórí ohun tó wà nísàlẹ̀ ni. Nígbà tí ẹ bá tún gbọ́ pé "wọ́n lo AI nínú orin yìí", ẹ bi wọ́n pé: kí ló ṣe níbẹ̀?

Níbo ni ẹ̀rọ méjèèjì ti pàdé?

Ibí ni ọkàn mi ti ń gbọ̀n. Aṣàyàn kò mọ ẹni tó ṣe nǹkan, kò sì bìkítà. Ìka tó dúró ló ń kà. Aláfarawé sì lè tú orin jáde láìsùn, láìjẹun. Ẹ so wọ́n pọ̀ wò.

Deezer, iléeṣẹ́ orin orí íntánẹ́ẹ̀tì tó wà ní ilẹ̀ Faransé, ṣe ohun èlò tó ń dá orin AI mọ̀. Ní oṣù Kìíní ọdún 2025, wọ́n ní nǹkan bí 10,000 orin tí ẹ̀rọ nìkan ṣe ló ń wọlé sọ́dọ̀ àwọn lójúmọ́. Nígbà tó fi máa di oṣù Kẹrin ọdún náà, ó ti lé ní 20,000, ìyẹn ìdá 18 nínú ọgọ́rùn-ún gbogbo orin tuntun tó ń wọlé. Ta ló wá ń gbọ́ wọn nígbà náà? Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ má sí: nǹkan bí ìdajì ìdá kan nínú ọgọ́rùn-ún gbogbo orin tí wọ́n ń gbọ́ níbẹ̀ ni wọ́n jẹ́ ní ọdún 2025. Nínú ìwọ̀nba yẹn pàápàá, Deezer sọ lọ́dún náà pé ó tó ìdá 70 nínú ọgọ́rùn-ún tó jẹ́ jìbìtì. Ẹ̀rọ ń kọrin, ẹ̀rọ ń gbọ́ ọ.

Kí ni èrè rẹ̀? Ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé bí owó ṣe ń rìn, torí ibẹ̀ ni gbogbo ọ̀rọ̀ wà. Ọ̀pọ̀ iléeṣẹ́ orin orí íntánẹ́ẹ̀tì kì í san iye kan pàtó fún orin kan. Wọ́n á da owó oṣù náà jọ sójú kan, wọ́n á wo iye ìgbà tí wọ́n gbọ́ gbogbo orin, wọ́n á sì pín in bí ìpín orin kọ̀ọ̀kan bá ṣe tó. Ìkòkò kan ṣoṣo ni. Bí ẹnì kan bá wá kó orin ayédèrú wọlé, tó sì lo àkáǹtì ayédèrú láti máa gbọ́ wọn tọ̀sán-tòru, inú ìkòkò yẹn náà ló ti ń bu owó, ìpín akọrin tó jẹ́ èèyàn ló sì ń dín kù. Ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 2024, àwọn agbẹjọ́rò ìjọba ní New York fẹ̀sùn irú èyí kan ọkùnrin kan: wọ́n ní ó fi ọ̀kẹ́ àìmọye orin AI àti àkáǹtì ayédèrú kó owó tó lé ní 10 mílíọ̀nù dọ́là.

Kì í ṣe gbogbo rẹ̀ ni jìbìtì o. Láàárín ọdún 2025, ẹgbẹ́ olórin kan tí wọ́n ń pè ní The Velvet Sundown ní olùgbọ́ tó lé ní 1 mílíọ̀nù lóṣù lórí Spotify. Lẹ́yìn tí àwọn èèyàn ti ń béèrè ibi tí wọ́n ti wá, wọ́n kọ ọ́ síbi ìtàn ara wọn pé AI ni wọ́n fi ṣe orin náà. Ẹ̀rọ aṣàyàn ti ń gbé wọn fún àwọn èèyàn láìṣe ìyàtọ̀ láàárín wọn àti ẹni tó ti fi ogún ọdún kọ́ gìtá.

Kí ni òfin sọ?

Òfin ń sáré tẹ̀ lé ọ̀rọ̀ náà, kò tíì bá a. Ní oṣù Kẹrin ọdún 2023, orin kan jáde pẹ̀lú ohùn tó dà bíi ti Drake àti The Weeknd, kò sì sí ẹni tó pe èyíkéyìí nínú wọn sí i. Wọ́n yọ ọ́ kúrò láàárín ọjọ́ mélòó kan, ṣùgbọ́n ìbéèrè kù nílẹ̀: ta ló ni ohùn èèyàn? Ìpínlẹ̀ Tennessee ní Amẹ́ríkà dáhùn ní oṣù Kẹta ọdún 2024 pẹ̀lú òfin tó sọ pé olóhùn ló ni ohùn rẹ̀, òfin náà sì bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní oṣù Keje.

Ní Hollywood, àwọn òǹkọ̀wé fíìmù yanṣẹ́ lódì fún ọjọ́ 148 ní ọdún 2023, àwọn òṣèré sì tẹ̀ lé wọn fún ọjọ́ 118. Owó ló pọ̀ jù nínú ìjà náà, àmọ́ AI wà níbẹ̀. Àwọn òǹkọ̀wé gba àdéhùn pé a kò gbọ́dọ̀ fi ẹ̀rọ ṣe òǹkọ̀wé, a kò sì gbọ́dọ̀ fipá mú wọn lò ó. Àwọn òṣèré náà gba àdéhùn pé iléeṣẹ́ gbọ́dọ̀ tọrọ àṣẹ kó tó fi ẹ̀rọ ṣe ẹ̀dà ojú àti ohùn wọn, kó sì sanwó rẹ̀.

Ti àwọn orin tí wọ́n fi kọ́ ẹ̀rọ ló le jù. Ní oṣù Kẹfà ọdún 2024, àwọn iléeṣẹ́ orin ńlá mẹ́ta, Universal, Sony àti Warner, gbé Suno àti Udio, àwọn iléeṣẹ́ tó ń fi AI ṣe orin, lọ sí kóòtù, wọ́n ní wọ́n fi orin àwọn kọ́ ẹ̀rọ láìgbàṣẹ. Nígbà tí ọdún 2025 ń parí lọ, Universal ti bá Udio parí ìjà, Warner náà ti bá Suno parí tiẹ̀. Èmi ń wò ó bóyá owó tí wọ́n bá gbà á dé ọwọ́ ẹni tí wọ́n lo ohùn rẹ̀. Ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn kan ní Washington sì ti là á mọ́lẹ̀ ní oṣù Kẹta ọdún 2025 pé iṣẹ́ tí ẹ̀rọ nìkan dá ṣe kò lè ní ẹ̀tọ́ oníṣẹ́, torí pé èèyàn ni òfin ń pè ní oníṣẹ́.

Kí lọwọ́ wa lè ká?

Ó ju bí ẹ ṣe rò lọ. Àwọn iléeṣẹ́ ńlá tó wà lábẹ́ òfin ilẹ̀ Yúróòpù ti gbọ́dọ̀ fún àwọn èèyàn ibẹ̀ láyè láti ọdún 2023 láti pa àṣàyàn tó ń tọ ẹsẹ̀ wọn. Níbi tí òfin yẹn kò dé, ẹ ṣì lè nu ìtàn ohun tí ẹ ti wò lórí YouTube, kí ẹ sì dá a dúró. TikTok náà ní ibi tí ẹ lè tẹ̀ kó gbàgbé yín, kó bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀. Nígbà tí ẹ bá rí ohun tí ẹ kò fẹ́, ẹ má ṣe dúró láti bínú sí i. Ẹ̀rọ kì í mọ ìbínú yàtọ̀ sí ìfẹ́; ó kàn rí i pé ẹ dúró. Ẹ yí i kọjá kíá, tàbí kí ẹ tẹ ibi tó ti sọ pé ẹ kò nífẹ̀ẹ́ sí i.

Tí ẹ bá fẹ́ mọ̀ bóyá èèyàn ló kọ orin kan, ẹ wá ibi tó ti dúró níwájú èrò kọ ọ́. Ẹ wá orúkọ ẹni tó lu ìlù, ẹni tó ta gìtá. Ẹ wo iye àwo tó gbé jáde láàárín oṣù kan. Mo ṣe bẹ́ẹ̀ fún orin àbúrò mi. Àwo orin méjì láàárín oṣù kan, àwòrán kan ṣoṣo, kò sí ibi kankan tí ẹnikẹ́ni ti rí i.

Lálẹ́ ọjọ́ náà, mo ṣí áàpù orin mi, n kò wo ohun tó tò sílẹ̀ fún mi. Mo tẹ orúkọ obìnrin akọrin kan tí n kò gbọ́ láti bí ọdún mẹ́ta, lẹ́tà kan tẹ̀ lé èkejì. Mo gbọ́ orin rẹ̀ méjì dé òpin. Èkejì lé ní ìṣẹ́jú mẹ́jọ, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ìṣẹ́jú mẹ́ta kí ègbè rẹ̀ tó dé, mo sì dúró dè é. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́ tí mo tún ṣí i, ohun tó kọ́kọ́ gbé wá sójú mi ni orin rẹ̀ mìíràn, èyí tí n kò tilẹ̀ mọ̀ pé ó ti gbé jáde.